Ẹni Tó Jáde Ni Yóò Padà Wọlé

Ọ̀rọ̀ orí rédíò fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ilé-ẹ̀kọ́ girama àti àwọn òbí wọn

Ẹ̀yin ará Ilé-Ifẹ̀, láti Ẹnuwá dé Ìlódè, láti Mọ̀ọ̀rè dé Modákẹ́kẹ́, àti ẹ̀yin tí ẹ wà lọ́nà oko tí ẹ gbé rédíò sétí: Ètò ìṣirò wa ti dé. Ẹni tí ìwé àti bírò wà nítòsí rẹ̀, kó fà wọ́n mọ́ra. Ẹni tó ń dáná lọ́wọ́, kó máa dáná rẹ̀ lọ, ìṣirò òní kò ní kí ọbẹ̀ jóná.

Ọmọkùnrin kan wà tí mò ń kọ́ ní ìrọ̀lẹ́. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ó gbé iṣẹ́ kan wá bá mi pẹ̀lú ojú tó le. Wọ́n fún un ní function kan, wọ́n ní kó wá inverse rẹ̀. Ó wá a. Ó pààrọ̀ x àti y bí wọ́n ṣe kọ́ ọ, ó yí gbogbo rẹ̀ po, ohun tó rí sì tọ̀nà láìkù síbì kan. Síbẹ̀, máàkì méjì ni wọ́n fún un nínú márùn-ún. Ó ní, “Sà, kí ló tún kù tí n kò ṣe?” Mo wo ìwé náà. Wọ́n bi í pé àwọn nọ́ńbà wo ló lè wọ inú inverse yẹn, àwọn wo ló sì lè ti inú rẹ̀ jáde. Ó fi ibẹ̀ sílẹ̀ lófìfo. Ó ní òun rò pé àlàyé ni, pé ìṣirò ti parí.

Ẹ jẹ́ kí n sọ fún un, àti fún gbogbo ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ jókòó ṣe WAEC, pé ibi tó fi sílẹ̀ yẹn ni iṣẹ́ náà gan-an. Yíyí x àti y po, ẹ̀rọ kékeré inú fóònù lè bá ọ ṣe é. Ṣùgbọ́n kí èèyàn mọ ẹni tó wọlé àti ẹni tó jáde, ojú ni a fi ń ṣe ìyẹn.

Kí ni function? Ẹ rántí bí agbo-ilé àtijọ́ ṣe rí nílùú yìí: ẹnu ọ̀nà wà níwájú, ẹnu ọ̀nà wà lẹ́yìnkùlé. Ká sọ pé agbo-ilé kan wà tó jẹ́ pé ẹni tó bá gba iwájú wọlé, wọn yóò pààrọ̀ aṣọ fún un, ẹ̀yìnkùlé ni yóò sì gbà jáde. Òfin tí wọ́n fi ń pààrọ̀ aṣọ yẹn ni function. Gbogbo àwọn tí onílé gbà láyè láti wọlé ni ìwé Gẹ̀ẹ́sì ń pè ní domain. Èmi yóò máa pè wọ́n ní agbo àbáwọlé. Gbogbo àwọn tó jáde lẹ́yìnkùlé ní tòótọ́ ni range. A ó pè wọ́n ní agbo àbájáde. Onílé ní èèwọ̀ kan ṣoṣo: ẹnì kan kò gbọdọ̀ wọlé lẹ́ẹ̀kan kó jáde pẹ̀lú oríṣi aṣọ méjì. Ṣùgbọ́n bí ẹni méjì bá wọlé, tí wọ́n sì wọ irú aṣọ kan náà jáde tí a kò lè dá wọn mọ̀ mọ́, kò bínú sí ìyẹn. Ẹ fi èyí sọ́kàn, a ó padà débẹ̀.

Inverse ni kí a gba ẹ̀yìnkùlé padà wọlé. Ẹni tó jáde yóò bọ́ aṣọ tí wọ́n wọ̀ fún un, yóò sì bọ́ síta níwájú ilé bó ṣe rí kó tó dé. Ẹ wá wò ó: ẹni tí kò bá ẹ̀yìnkùlé jáde rí, kò sí bó ṣe lè padà gba ibẹ̀ wọlé. Nítorí náà, agbo àbájáde ti àlọ ni agbo àbáwọlé ti àbọ̀. Agbo àbáwọlé ti àlọ náà ló sì di agbo àbájáde ti àbọ̀. Wọ́n kàn pààrọ̀ ipò ni. Gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ lónìí kò ju èyí lọ, àpẹẹrẹ ló kù.

Ìlú tí a wà yìí ní àpẹẹrẹ kan tí n kò tíì rí èyí tó dára jù ú lọ nínú ìwé kankan. Ẹ̀yin Mùsùlùmí àti ẹ̀yin Kristẹni, ẹ má tíì pa rédíò. Ọwọ́ babaláwo ni mo ní ká wò, n kò ní kí ẹnikẹ́ni dífá. Bí babaláwo bá fẹ́ fi ikin dífá, ikin mẹ́rìndínlógún ni yóò kó sọ́wọ́ òsì. Yóò fi ọwọ́ ọ̀tún gbá wọn mú lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ẹyọ kan bá ṣẹ́kù sọ́wọ́ òsì, àmì méjì ni yóò tẹ̀ sínú ìyẹ̀rosùn lórí ọpọ́n. Bí ẹyọ méjì bá ṣẹ́kù, àmì kan ni yóò tẹ̀. Bí kò bá sí èyí tó ṣẹ́kù, tàbí tí èyí tó ṣẹ́kù bá ju méjì lọ, kò ní tẹ nǹkan kan, yóò tún ikin rẹ̀ gbá. William Bascom, ọ̀mọ̀wé ará Amẹ́ríkà tó wá gbé ní Ifẹ̀ yìí ní 1937, ṣàlàyé rẹ̀ bẹ́ẹ̀ nínú ìwé tó kọ lórí Ifá, èyí tó jáde ní 1969. Ṣùgbọ́n àwọn tó ń ṣe é kò dúró de ìwé Bascom kí wọ́n tó mọ̀ ọ́n.

Ẹ jẹ́ ká fi x dúró fún iye ikin tó ṣẹ́kù. Iye àmì tí babaláwo yóò tẹ̀ jẹ́ 3 − x. Bí 1 bá ṣẹ́kù, 3 − 1, àmì 2. Bí 2 bá ṣẹ́kù, 3 − 2, àmì 1. Ó ti bára mu. Ní báyìí, ká ní o kò sí níbẹ̀ nígbà tó ń gbá ikin, àmì tó wà lórí ọpọ́n nìkan lo bá. O rí àmì méjì. Mélòó ló ṣẹ́kù sọ́wọ́ rẹ̀? Ẹyọ kan. O rí àmì kan, ó ní láti jẹ́ pé ẹyọ méjì ló ṣẹ́kù. Òfin àbọ̀ náà ṣì ni 3 yọ ohun tí o rí kúrò. Òfin àlọ ni òfin àbọ̀! Irú function báyìí, tó jẹ́ inverse ara rẹ̀, kò wọ́pọ̀, ó sì máa ń dùn mọ́ mi.

Ẹ wá fún ọmọ tó mọ 3 − x nìkan ní ikin yẹn. Ó gbá a, ikin márùn-ún ṣẹ́kù. Ó ṣírò rẹ̀: 3 − 5, àmì −2. Ta ló ti rí ibi tí wọ́n ti tẹ àmì tó dín méjì sí òdo sórí ọpọ́n? Ó tún un gbá, kò sí èyí tó ṣẹ́kù: 3 − 0, àmì mẹ́ta. Ifá kò ní àmì mẹ́ta. Ìṣirò rẹ̀ kò ṣì, ẹnu ọ̀nà ni kò sọ́. Òfin tí a kọ sórí bébà kò mojú ẹnikẹ́ni, ohunkóhun tí o bá jù sí i yóò dá ọ lóhùn. Babaláwo mọ̀ kó tó bẹ̀rẹ̀ pé 1 àti 2 nìkan ló gbọ́dọ̀ wọlé. Ìyókù, ká tún un ṣe.

Ẹ̀ẹ̀mẹjọ ni yóò tẹ àmì bẹ́ẹ̀, kí odù kan tó pé. Ọ̀nà méjì ni ìgbà kọ̀ọ̀kan lè gbà rí, nítorí náà, bí a bá kọ 2 lẹ́ẹ̀mẹjọ tí a sì fi wọ́n lọ́po ara wọn, ó di 256, iye odù Ifá. Kò sí odù méjì tí àmì wọn jọra. Ìdí nìyẹn tí ẹni tó bá rí odù lórí ọpọ́n fi lè sọ ohun tó ṣẹ́kù sọ́wọ́ babaláwo nígbà kọ̀ọ̀kan nínú ìgbà mẹ́jọ náà. Bó bá rí Ogbè Méjì, tó jẹ́ àmì kan ṣoṣo látòkè délẹ̀, méjì ló ń ṣẹ́kù nígbà gbogbo. Bó bá jẹ́ Ọ̀yẹ̀kú Méjì, ẹyọ kan ló ń ṣẹ́kù. Àlọ rẹ̀ mọ́, àbọ̀ rẹ̀ mọ́.

Ṣùgbọ́n bi ẹni tó rí odù náà pé ta ni ẹni tó wá dífá. Kò lè mọ̀ ọ́n. Odù kan náà lè yọ fún ìyàwó tó ń wá ọmọ láàárọ̀, kó sì yọ fún awakọ̀ tó fẹ́ rìnrìn àjò lọ́sàn-án. Láti ọ̀dọ̀ èèyàn dé ọ̀dọ̀ odù, function ni, torí odù kan ni ó yọ fún ẹnì kọ̀ọ̀kan lẹ́ẹ̀kan tó jókòó. Láti ọ̀dọ̀ odù padà sọ́dọ̀ èèyàn, ọ̀nà ti dí. Àwọn ẹni méjì tí mo ní wọ́n wọ irú aṣọ kan náà jáde nìyẹn. Ibi tí wọ́n bá ti ń jáde bí ẹnì kan, kò sí inverse.

Ẹ jẹ́ ká fi orí ọpọ́n sílẹ̀, ká lọ sí òde àríyá. Ká sọ pé ẹni tó ń yáni ní àga ní Sábó ń gba ₦5,000 fún ọkọ̀ tó máa kó àga wá, ó sì ń gba ₦100 lórí àga kọ̀ọ̀kan. Kì í yáni ní èyí tí kò tó 50, àga rẹ̀ kò sì ju 400 lọ. Bí àga bá jẹ́ x, owó rẹ̀ jẹ́ 100x + 5000. Ìyá ìyàwó yá 120: ₦12,000 fún àga, ₦5,000 fún ọkọ̀, àpapọ̀ ₦17,000.

Ní báyìí, rìsíìtì ₦17,000 nìkan lo rí, o fẹ́ mọ iye àga. Ibí yìí ni ọ̀pọ̀ ọmọ ti ń ṣubú. Wọn á kọ́kọ́ pín 17,000 sí ọ̀nà 100, wọn á rí 170, wọn á wá yọ 5,000 kúrò, àga á di −4,830. Ẹ gbọ́, nígbà tí ọkùnrin bá ń múra òde, bùbá ló kọ́kọ́ ń wọ̀ kó tó gbé agbádá lé e. Bó bá délé, ta ló máa ń bọ́ bùbá kó tó bọ́ agbádá? Èyí tó kẹ́yìn wọ̀ ló ń kọ́kọ́ bọ́. Nígbà àlọ, a sọ àga di ìlọ́po 100, a wá fi 5,000 lé e. Nígbà àbọ̀, 5,000 ni agbádá: yọ ọ́ kúrò ná, ó ku 12,000, kí o tó wá pín in sí ọ̀nà 100, ó di 120. Òfin àbọ̀ nìyẹn: x yọ 5000 kúrò, kí a fi 100 pín ohun tó kù.

Ẹ padà wá sẹ́nu ọ̀nà. Àwọn tó wọlé nígbà àlọ ni odindi nọ́ńbà láti 50 dé 400. Àwọn tó jáde ni ₦10,000, ₦10,100, ₦10,200, títí dé ₦45,000. Àwọn owó wọ̀nyí nìkan ló lẹ́tọ̀ọ́ láti wọ inú òfin àbọ̀. Bí ẹnì kan bá mú rìsíìtì ₦17,050 wá, òfin yóò ní àga 120 àti ààbọ̀. Ẹni tí yóò jókòó sórí ààbọ̀ àga ni mo ń wá. Bí òmíràn bá mú ₦4,000 wá, yóò ní àga −10. Àwọn méjèèjì yìí, ojú lásán ti rí i pé irọ́ ni. Èyí tí mo bẹ̀rù jù ni ẹni tó mú ₦8,000 wá. Òfin yóò ní àga 30. Odindi ni, ó dára lójú, kò sí ohun tó ṣe é. Ṣùgbọ́n oníṣòwò àga wa kì í yáni ní 30. Rìsíìtì yẹn kò ti ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wá. Ẹni tí kò mọ agbo àbáwọlé kò lè mú irú ayédèrú bẹ́ẹ̀ láéláé.

Mo fẹ́ kí a rin ìrìn àjò kékeré kan sínú òǹkà tiwa, torí mo rò pé àwọn bàbá wa ti ń ṣe iṣẹ́ yìí tipẹ́ láìpe orúkọ rẹ̀. Kí ni a ń pe 45? Márùndínláàádọ́ta. Ẹ tú u wò. Ogún mẹ́ta ni ọgọ́ta. Yọ mẹ́wàá kúrò nínú ọgọ́ta, ó di àádọ́ta. Yọ márùn-ún kúrò nínú àádọ́ta, ó di márùndínláàádọ́ta. Bí a bá sọ èyí di òfin, tí a sì fún un ní 3, yóò sọ ọ́ di ìlọ́po ogún, yóò yọ 10, yóò yọ 5, 45 ni yóò jáde. Fún un ní 4: ọgọ́rin, àádọ́rin, márùndínláàádọ́rin, 65. Fún un ní 5: ọgọ́rùn-ún, àádọ́rùn-ún, márùndínláàádọ́rùn-ún, 85. Ìyá àgbà tó ń ka obì lọ́jà kò mọ̀ pé òun ń ṣe 20x − 15, ṣùgbọ́n òun ló ń ṣe yẹn.

Ìpadà rẹ̀ rọrùn bí a bá rántí agbádá. O gbọ́ márùndínláàádọ́fà, 105. Dá márùn-ún padà, ó di àádọ́fà. Dá mẹ́wàá padà, ó di ọgọ́fà. Pín in sí ogún-ogún: mẹ́fà. Ogún mẹ́fà ló wà nídìí ọ̀rọ̀ náà.

Ibo wá ni ẹnu ọ̀nà rẹ̀ wà? Ẹ fún un ní 2. Ogún méjì ni ogójì, yọ mẹ́wàá, ọgbọ̀n. Ẹ dúró ná! Kò sẹ́ni tó ń pe ọgbọ̀n ní àádójì. Orúkọ tirẹ̀ ni ó ń jẹ́. Nọ́ńbà náà jáde, 25, ṣùgbọ́n márùndínlọ́gbọ̀n ni orúkọ rẹ̀, kò gba ọ̀nà yìí jáde. Nítorí náà 3 ni mo fi bẹ̀rẹ̀ agbo àbáwọlé. Lókè, bí a bá fún un ní 10, ogún mẹ́wàá ti di igba. Àwọn kan ń pe 190 ní àádọ́wàá, àwọn mìíràn ń pè é ní igba ó dín mẹ́wàá. N kò fẹ́ kí ìjà dé, mo ti ìlẹ̀kùn lẹ́yìn 9. Agbo àbáwọlé wa wá jẹ́ 3 dé 9, nọ́ńbà méje. Agbo àbájáde náà jẹ́ méje: 45, 65, 85, 105, 125, 145, 165. Bí ẹnì kan bá wá fi 75 kanlẹ̀kùn àbọ̀, a ó fi 15 kún un, ó di 90, a ó pín in sí ogún, 4 àti ààbọ̀. Kì í ṣe ọmọ ilé yìí. Márùndínlọ́gọ́rin ló ń jẹ́, láti ọgọ́rin ló ti já wálẹ̀ tààrà láìya ọ̀dọ̀ àádọ́ kankan.

Adolphus Mann, míṣọ́nnárì ọmọ Jámánì tó bá CMS ṣiṣẹ́ nílẹ̀ Yorùbá, kọ̀wé lórí òǹkà wa yìí ní 1887. Kíka owó ẹyọ ní márùn-ún márùn-ún ló tọ́ka sí pé ó bí i. Ọ̀pọ̀ èèyàn tó kọ̀wé lẹ́yìn rẹ̀ ń ké pé òǹkà náà le. Kò le fún ẹni tó mọ ọ̀nà ilé.

Àwọn kan yóò máa rò ó pé kí ló dé tí mo ń fi Yorùbá sọ irú nǹkan báyìí. Ẹ lọ béèrè ní Modákẹ́kẹ́. Ní 1970, Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fafunwa àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Institute of Education ti Yunifásítì Ifẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ètò ọlọ́dún mẹ́fà ní St. Stephen's “A” Primary School. Wọ́n fi Yorùbá kọ́ àwọn ọmọ kan ní gbogbo iṣẹ́, ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì pẹ̀lú, láti kíláàsì àkọ́kọ́ dé ìkẹfà, wọ́n sì ń kọ́ wọn ní Gẹ̀ẹ́sì gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ kan lọ́tọ̀. Àwọn ọmọ yòókù bọ́ sórí Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn ọdún mẹ́ta bó ṣe wà tẹ́lẹ̀. Àwọn tó fi Yorùbá kẹ́kọ̀ọ́ kò rẹ̀yìn, àní nínú Gẹ̀ẹ́sì gan-an. Fafunwa di mínísítà ètò ẹ̀kọ́ lẹ́yìn náà, ó sì kú ní 2010. Bí a ṣe gba irú ẹ̀rí bẹ́ẹ̀ tán tí a sì gbé e sórí pẹpẹ kó máa gba eruku, ọ̀rọ̀ ọjọ́ mìíràn ni.

Yunifásítì Ifẹ̀ tí mo dárúkọ yẹn tún rán mi létí okùn kan. Helen Verran, ọmọ ilẹ̀ Australia tó bá Yunifásítì Ifẹ̀ ṣiṣẹ́ ní àwọn ọdún 1980, kọ ìwé kan tó jáde ní 2001, Science and an African Logic. Nínú rẹ̀, ó sọ nípa olùkọ́ Yorùbá kan tó fẹ́ kọ́ àwọn ọmọ ní bí a ṣe ń wọn gígùn. Okùn ni olùkọ́ náà fi wọn gíga ọmọ, ó wá ká okùn náà mọ́ páálí kékeré, wọ́n sì ka iye ìká tó wà lára rẹ̀. Ẹnu ya Verran, torí kò bá ohun tí wọ́n kọ́ olùkọ́ náà mu. Síbẹ̀, ó yé àwọn ọmọ.

Èmi fẹ́ fi okùn yẹn ṣe nǹkan mìíràn. Ká ní ìká kọ̀ọ̀kan jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 10. Ọmọ tó ga ní 142 yóò ní ìká 14, díẹ̀ yóò sì ṣẹ́kù. Bí o bá kọ ìká 14 àti sẹ̀ǹtímítà 2 sílẹ̀, mo lè tú okùn náà padà, kí n sọ gíga ọmọ fún ọ. Ṣùgbọ́n bó bá jẹ́ ìká 14 nìkan lo kọ, tí o ju ìyókù nù, ó tán. Ọmọ tó ga ní 145 náà ní ìká 14. Ìyókù kékeré tí o fojú tẹ́ńbẹ́lú ni ọ̀nà àbọ̀.

Bí ọ̀nà bá dí báyìí, ṣé kò ní àtúnṣe? Ó ní. A lè dín àwọn tó ń wọlé kù, títí tí ẹni méjì kò fi ní jọ wọ aṣọ kan náà jáde mọ́. Ẹ wo ilẹ̀ tí ìhà rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin dọ́gba. Bí ìhà kan bá jẹ́ mítà 20, ilẹ̀ náà fẹ̀ tó 400, torí 20 lọ́nà 20 ni. Bí mo bá sọ 400 fún ọ, wàá ní mítà 20 ni ìhà rẹ̀. Ṣùgbọ́n −20 lọ́nà −20, 400 náà ni! Kí ló dé tí o kò fi pe −20? Torí kò sí sọ̀fíọ̀ tó ń wọn ilẹ̀ sísàlẹ̀ òdo. Ilẹ̀ fúnra rẹ̀ ti bá wa ti ìlẹ̀kùn. Lórí bébà, kò sí ilẹ̀, kò sí sọ̀fíọ̀. Ìwọ ni wàá ti ìlẹ̀kùn náà.

Iṣẹ́ tí ọmọkùnrin mi gbé wá nìyí, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀: f(x) = (x − 2)² + 1, níbi tí x kò ti gbọdọ̀ kéré sí 2. Ẹ yọ 2 kúrò nínú x, ẹ fi ohun tó kù lọ́po ara rẹ̀, ẹ wá fi 1 kún un. Bí 5 bá wọlé, 3, 9, 10 ni yóò jáde. Bí −1 bá wọlé, −3, 9, 10 náà ni. Bí wọ́n bá jẹ́ kí àwọn méjèèjì wọlé, ta ni 10 yóò padà sí? Ìdí nìyẹn tí olùbéèrè fi kọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ pé x bẹ̀rẹ̀ láti 2 lọ sókè. Àwọn ọmọ máa ń rò pé ọ̀ṣọ́ ni wọ́n fi ṣe. Ìlẹ̀kùn ni, wọ́n ti bá ọ tì í.

Ẹ jẹ́ ká padà, agbádá kọ́kọ́: yọ 1 kúrò, wá square root rẹ̀, fi 2 kún un. Inverse náà ni 2 + √(x − 1). Ibí ni ọmọ náà ti gbé bírò sílẹ̀. Ẹ bi í: nígbà àlọ, kí ló jáde? Ohun tó bá fi ara rẹ̀ lọ́po kì í lọ sísàlẹ̀ òdo, nítorí náà 1 lọ sókè ló jáde. 1 lọ sókè náà ló gbọ́dọ̀ wọlé nígbà àbọ̀. Àwọn tó wọlé nígbà àlọ, 2 lọ sókè, ni yóò jáde nígbà àbọ̀. Máàkì mẹ́ta rẹ̀ ló wà níbẹ̀. Bí olùbéèrè bá yí i padà, tó ní x kò gbọdọ̀ ju 2 lọ, àbọ̀ rẹ̀ yóò di 2 − √(x − 1), 10 yóò sì padà di −1. Òfin àlọ kan náà, ẹnu ọ̀nà méjì, inverse méjì.

Mo tún fẹ́ kìlọ̀ pé −1 kékeré tí wọ́n ń kọ sórí f fún inverse kò ní kí ẹ fi function náà pín 1. Mo ti rí i nínú ìwé ọmọ púpọ̀. Orúkọ lásán ni, bíi kí a pe èèyàn ní Babátúndé.

Ó ku ọ̀kan tó le díẹ̀, fún àwọn tó ń ṣe Further Maths. Òkè: 2x + 1. Ìsàlẹ̀: x − 3. Nọ́ńbà 3 kò gbọdọ̀ wọlé, torí ìsàlẹ̀ yóò di òdo, a kì í sì í fi òdo pín nǹkan. Ìyẹn rọrùn. Ṣùgbọ́n èwo ni kò lè jáde? Wíwò kò lè sọ ọ́. Ẹ wá inverse rẹ̀. Ẹ pe àbájáde ní y. y lọ́nà x − 3 jẹ́ 2x + 1. Ẹ tú u: xy − 3y = 2x + 1. Ẹ kó gbogbo x sápá kan: x lọ́nà y − 2 jẹ́ 3y + 1. Àbọ̀ náà wá jẹ́ 3y + 1 lókè, y − 2 nísàlẹ̀. Ẹ dán an wò: 4 wọlé, 9 jáde, 9 padà wọlé, 28 lórí 7, 4 jáde. Ẹ wá wo ìsàlẹ̀ òfin àbọ̀: 2 ni kò lè wọlé níbẹ̀. Ẹni tí kò lè wọlé nígbà àbọ̀ kò jáde nígbà àlọ rí, nítorí náà 2 ni kò lè jáde. Ẹni tó bá ń jiyàn, kó gbìyànjú láti mú 2 jáde: yóò dé ibi tó ti ní láti gbà pé 1 àti −6 dọ́gba.

Àkókò ti ń lọ. Iṣẹ́ àṣetiléwá yín nìyí. Oníṣòwò àga wa ti fowó lé e: ọkọ̀ di ₦8,000, àga kan di ₦150. Láti 50 dé 400 ló ṣì ń yáni. Èèyàn mẹ́ta jókòó sílé ìdájọ́ bàálé, wọ́n ní oníṣòwò náà ló yá àwọn ní àga. Ìyá kan ní òun san ₦41,000. Ọkùnrin kan ní òun san ₦14,000. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan ní òun san ₦33,100. Ẹ kọ òfin àbọ̀ sílẹ̀, ẹ kọ àwọn owó tó lẹ́tọ̀ọ́ láti wọ inú rẹ̀, kí ẹ sì sọ fún bàálé èwo nínú wọn ló yá àga lóòótọ́, iye àga tó yá, àti ohun tó tú àṣírí àwọn yòókù. Ẹnì kan nínú wọn yóò fẹ́ tàn yín jẹ pẹ̀lú odindi nọ́ńbà. Ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, ní àkókò kan náà. Ẹ lọ wo ọbẹ̀ yín o.